Àgùàlà kò tẹ̀ lé ẹnikẹ́ni

ÌBÉÈRÈ: Ẹ jọ̀ọ́ sà, lẹ́nu ọjọ́ mẹ́ta yìí, bí a bá ti Ìbàdàn ń lọ sí Abẹ́òkúta lẹ́yìn tí oòrùn bá wọ̀, ìmọ́lẹ̀ funfun kan tí kì í ṣẹ́jú máa ń bá mọ́tò wa rìn ní apá ìwọ̀ oòrùn. Bí a bá dúró, á dúró. Aríran kan ní ẹ̀mí àìrí ni, ó sì ní ká mówó ètùtù wá. Kí ni ká ṣe?

ÌDÁHÙN: Ẹ má san kọ́bọ̀. Irú ìbéèrè yìí ti pọ̀ lọ́dọ̀ mi, ó sì ń dùn mí pé wọ́n ń fi í gba owó lọ́wọ́ àwọn èèyàn. Bí ohun tí ẹ kọ bá rí bẹ́ẹ̀, Àgùàlà lẹ rí, èyí tí àwọn Òyìnbó ń pè ní Venus.

Kò bá yín rìn rárá. Jíjìnnà rẹ̀ ló tan ojú yín jẹ. Igi ẹ̀bá ọ̀nà a máa sá sẹ́yìn bí mọ́tò bá ń sáré, nítorí pé ó sún mọ́ wa, òkè tó wà lọ́ọ̀ọ́kán kì í sì í fẹ́rẹ̀ẹ́ kúrò lójú kan. Ṣùgbọ́n Àgùàlà, nígbà tó bá sún mọ́ ayé jù lọ pàápàá, ṣì jìnnà tó nǹkan bí mílíọ̀nù 40 kìlómítà, tó bẹ́ẹ̀ tí gbogbo ìrìn yín dé Abẹ́òkúta kò fi lè yí ipò rẹ̀ padà lójú yín. Oṣù, tí kò jìnnà ju nǹkan bí 384,000 kìlómítà lọ, ń ṣe bẹ́ẹ̀ sí gbogbo ọmọdé tó bá sáré lábẹ́ rẹ̀. Àwọn baba wa mọ àṣìṣe yìí, wọ́n ní: Àgùàlà ń bá oṣù rìn, wọ́n ṣe bí ajá rẹ̀ ni, Àgùàlà kì í ṣe ajá oṣù.

Ìmọ́lẹ̀ oòrùn ni ìkùukùu tó bo Àgùàlà ń dá padà. Lójú ọ̀run, kì í jìnnà sí oòrùn ju ìwọ̀n díọ́gírì 47 lọ, ìyẹn bí ìdajì ọ̀nà láti ibi tí ilẹ̀ ti pàdé ọ̀run dé òkè orí wa, nítorí náà bó bá jẹ́ agogo 12 òru lẹ rí ìmọ́lẹ̀ lókè orí yín, nǹkan mìíràn ni, ẹ tún kọ̀wé sí mi. Ọ̀wọ́ iná tó tò tẹ̀ léra lè jẹ́ sátẹ́láìtì Starlink, àwọn ẹ̀rọ íńtánẹ́ẹ̀tì tó ń yí ayé po lókè, tí wọ́n kọ́kọ́ fi 60 ránṣẹ́ pọ̀ ní oṣù Karùn-ún 2019.

Lálẹ́ òní, ẹ dúró sójú kan, kí ẹ fi etí òrùlé ṣàmì sí i: ẹ ó rí i pé ó ń wọ̀ díẹ̀díẹ̀ bí oòrùn, bí ẹ kò tilẹ̀ gbé ẹsẹ̀. Ẹ má fi awò tí a fi ń wo ọ̀nà jíjìn wo apá ibẹ̀ kí oòrùn tó wọ̀ tán, ó lè fọ́ yín lójú. Kí ẹni tó ń wa mọ́tò sì máa wo títì. Bí ẹ bá ti sanwó fún aríran náà, ẹ lọ gbà á padà.