Wọ́n fò mí nígbà ìgbéga lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba ní Benin: ṣé mo lè pẹjọ́?

Bẹ́ẹ̀ ni, àmọ́ ẹ má tíì kọrí sílé-ẹjọ́. Ẹ ní olùkọ́ ìjọba ni yín ní Kétu, ẹni tí ẹ ṣáájú wọṣẹ́ ti gba ìgbéga, orúkọ yín kò sì sí nínú ìwé àṣẹ náà. Lẹ́tà lẹ máa kọ́kọ́ kọ sí ẹni tó fọwọ́ sí ìwé yẹn tàbí sí ọ̀gá rẹ̀. Oṣù 2 péré lẹ ní, láti ọjọ́ tí ìpinnu náà ti tẹ̀ yín lọ́wọ́. Bí oṣù 2 mìíràn bá kọjá tí wọn ò fèsì, òfin ka ìdákẹ́ wọn sí “rárá”. Oṣù 2 míì bẹ̀rẹ̀ nìyẹn fún yín láti pẹjọ́.

Ọ̀rọ̀ ọjọ́ yìí ni mo bẹ̀ yín sí jù. Ẹ tẹ lẹ́tà náà ní ẹ̀dà méjì, kí akọ̀wé lu òǹtẹ̀, kó sì kọ ọjọ́ sára èyí tí ẹ máa mú relé. Láìsí ẹ̀rí pé ẹ kọ̀wé lásìkò, adájọ́ lè da ẹjọ́ nù láìyẹ inú rẹ̀ wò.

Pé ẹ pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ nìkan kò tó. Máàkì tí ọ̀gá ń fún yín náà wà níbẹ̀, ẹ béèrè ẹ̀dà rẹ̀.

Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) ló ní ọ̀rọ̀ ìkẹyìn. Ó lè fagi lé ìpinnu náà, ṣùgbọ́n kì í fọwọ́ ara rẹ̀ gbé òṣìṣẹ́ ga: iléeṣẹ́ yín ló máa tún ìwé ṣe.