Ìbéèrè Òǹkàwé: Ilé Ìmọ́lẹ̀ Ojú Òkun

Ẹ̀yin olóòtú, nínú àwòrán ilé ìmọ́lẹ̀ Eddystone, lójú òkun Plymouth nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, mo rí kùkùté òkúta kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Kí ló dé tí wọn ò kó o kúrò? (Òǹkàwé, Ìbàdàn)

Agbára wọn ò ká a ni. Ilé kẹta tí wọ́n kọ́ sórí àpáta yẹn ló ṣẹ́kù síbẹ̀. Henry Winstanley ló kọ́ èkíní, iná rẹ̀ sì tàn ní oṣù kọkànlá ọdún 1698. Lọ́dún 1703, ìjì gbá ilé náà lọ lóru ọjọ́ kan, tòun ti Winstanley, nítorí inú rẹ̀ ló sùn mọ́jú. John Rudyerd fi igi kọ́ èkejì. Ìyẹn fara da ìgbì fún ohun tó lé ní ogójì ọdún, àfi ìgbà tí iná jó o ní oṣù Kejìlá ọdún 1755. Henry Hall, ọ̀kan nínú àwọn tó ń tọ́jú iná, tí wọ́n ní ó ti pé ẹni ọdún 94, gbójú sókè bó ṣe ń da omi sí òrùlé, ni òjé tó yọ́ bá kán sí i lẹ́nu. Nígbà tó kú lẹ́yìn nǹkan bí ọjọ́ 12, dókítà bá òjé tó tó 200 gíráàmù nínú ikùn rẹ̀.

Kùkùté tí ẹ rí jẹ́ ti John Smeaton, tó parí iṣẹ́ lọ́dún 1759. Ó gbẹ́ etí òkúta kọ̀ọ̀kan kó fẹ̀ lẹ́nu, kó há lọ́rùn, ó sì gbẹ́ ihò tó bá a mu sára ìkejì. Bí wọ́n bá ti sọ ọ́ kalẹ̀ sáyè rẹ̀ láti òkè, ìgbì ò lè fà á yọ láti ẹ̀gbẹ́ mọ́. Gbogbo òkúta tó wà nínú ìlà yẹn ló jọ di í mú. Ṣùgbọ́n lójú tiwa, ohun tó fi jọ̀gá ni àpòpọ̀ tó fi mọ wọ́n. Afẹ́fẹ́ ni ẹfun lásán fi ń gan. Omi òkun á ti fọ̀ ọ́ dànù kó tó le. Smeaton wá ń fi ẹfun oríṣiríṣi mọ ìṣù kéékèèké, á jù wọ́n sínú omi, á máa wò wọ́n bóyá wọ́n á le tàbí wọ́n á tú. Ó rí i pé ẹfun tí wọ́n sun láti ara òkúta tó ní amọ̀ nínú ló ń le lábẹ́ omi. Ti Aberthaw ní Wales ló mú, ó pò ó mọ́ eérú òkè ayọnáyèéfín tó wá láti Ítálì, òṣùwọ̀n kan sí òṣùwọ̀n kan.

Ilé yẹn ò sì wó. Àpáta tó gbé e dúró ni òkun ń jẹ nísàlẹ̀, tó fi jẹ́ pé gbogbo ilé ń mì bí ìgbì ńlá bá kọlù ú. Wọ́n tú apá òkè, wọ́n lọ tún un tò sí Plymouth Hoe, níbi tí ẹ ti lè gùn ún dòní. Ilé James Douglass tó rọ́pò rẹ̀ lọ́dún 1882 ga tó mítà 49. Ìdí tirẹ̀ dúró ṣánṣán bí àgbá, nítorí ìdí tó tẹ̀ kọdọrọ ti Smeaton ń jẹ́ kí omi rí ibi gùn lọ sókè.

Ṣé gílóòbù wọn tóbi gan-an ni? (Òǹkàwé, Abẹ́òkúta)

Rárá o. Àbẹ́là 24 péré ni Smeaton ń tàn, gílóòbù òde òní náà ò sì ju ohun tí ẹ lè fọwọ́ kan gbé lọ. Lẹ́ǹsì ló ń ṣiṣẹ́. Iná máa ń fọ́n káàkiri, èyí tó lọ sójú ọ̀run ti ṣòfò. Augustin Fresnel, ará Faransé, rí i pé ojú lẹ́ǹsì ló ń tẹ ìmọ́lẹ̀, kì í ṣe ìnípọn àárín rẹ̀. Ó bá gé ìnípọn yẹn dànù, ó to gíláàsì ní òrùka òrùka yí iná ká, ó sì lo ilé ìmọ́lẹ̀ Cordouan láti fi dán an wò lọ́dún 1823. Nínú èyí tó tóbi jù nínú tirẹ̀, mílímítà 920 ni iná fi jìnnà sí gíláàsì.

Ọ̀tá gíláàsì yìí pọ̀: èéfín fìtílà, iyọ̀ òkun, àti oòrùn pàápàá. Bí lẹ́ǹsì ṣe ń kó ìmọ́lẹ̀ jáde ló ṣe ń kó oòrùn wọlé sójú kan, ó sì lè dáná sun yàrá. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń ta kọ́tìnì bo fèrèsé ní ọ̀sán. Àwọn tó ń nù ún láyé àtijọ́ a máa da aṣọ ọ̀gbọ̀ bo ẹ̀wù wọn kí bọ́tìnì má baà ha gíláàsì.

Bí ìdí lẹ́ǹsì bá sì dagun ní dígírì kan péré, ìtànṣán rẹ̀ á ti fi nǹkan bí mítà 350 gba orí ọkọ̀ tó wà ní kìlómítà 20 kọjá.

Báwo ni awakọ̀ ojú omi ṣe ń mọ ilé ìmọ́lẹ̀ kan yàtọ̀ sí òmíràn? (Òǹkàwé, Ìkòròdú)

Ó ń kà á ni. Eddystone ń ṣẹ́jú funfun lẹ́ẹ̀mejì láàárín ìṣẹ́jú àáyá 10, bẹ́ẹ̀ ló sì wà nínú ìwé àwòrán òkun. Iná fúnra rẹ̀ kì í sábà kú nínú àwọn ilé àtijọ́. Lẹ́ǹsì ló ń yí. Bó bá ní ojú mẹ́rin, tó sì yí ká lẹ́ẹ̀kan láàárín ìṣẹ́jú àáyá 40, ẹ ó rí i lẹ́ẹ̀kan ní gbogbo ìṣẹ́jú àáyá 10.

Ibí yìí gan-an ni wàhálà wà. Kí lẹ́ǹsì tó wọn tọ́ọ̀nù bíi mélòó kan lè yí wẹ́rẹ́, wọ́n máa ń mú un léfòó lórí mẹ́kúrì, irin tó máa ń ṣàn bí omi, ìka kan sì tó láti tì í. Bí mẹ́kúrì bá dọ̀tí, lẹ́ǹsì á máa fà, iná tó yẹ kó ṣẹ́jú ní 10 á wá ṣẹ́jú ní 12, awakọ̀ á sì rò pé ibòmíràn lòun dé. Wọ́n a fà á jáde, wọ́n a sẹ́ ẹ, wọ́n a dá a padà. Oró ni èéfín rẹ̀, ó ń mú ọwọ́ gbọ̀n. A fara mọ́ àwọn tó ń mú un kúrò.

Báwo ni mo ṣe lè mọ ibi tí màá ti rí iná ilé ìmọ́lẹ̀ dé? (Òǹkàwé, Badagry)

Ẹ wá square root gíga iná náà ní mítà, kí ẹ wá ti gíga ojú tiyín náà, ẹ ro wọ́n pọ̀, kí ẹ fi 2.08 sọ ọ́ di púpọ̀. Iná Eddystone ga tó mítà 41 sókè omi: 6.4. Bí ojú yín bá wà ní mítà 4 sókè omi: 2. Àpapọ̀ rẹ̀, 8.4, lọ́nà 2.08, jẹ́ máìlì òkun 17.5, nǹkan bíi kìlómítà 32. Bó bá jù bẹ́ẹ̀ lọ, ìrísí ayé á ti gbé e pamọ́, bó ti wù kó mọ́lẹ̀ tó. Lóru tí ojú ọjọ́ mọ́, ẹ lè kọ́kọ́ rí ìtànṣán rẹ̀ lójú sánmà kí iná gan-an tó yọ. Kùrukùru ò mọ ìṣirò yìí o.

Ẹ̀gbọ́n mi tó ń ṣiṣẹ́ ọkọ̀ ní Salvador, Brazil, ní iná pupa wà lápá ọ̀tún bí wọ́n ṣe ń wọ èbúté. Ní Èkó, òsì ni mo mọ̀. Ta ló ṣi í? (Òǹkàwé, Àpápá)

Kò sẹ́ni tó ṣi í. Ìlànà méjì ni ayé ń lò. Nàìjíríà, Benin, Tógò àti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì: bí ẹ bá ti òkun wọlé, pupa lósì, àwọ̀ ewé lọ́tùn-ún. Brazil, Cuba àti Amẹ́ríkà yí i padà, Japan àti Philippines náà bẹ́ẹ̀. Àwọn àmì ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà omi nìkan ló kàn. Kíka ìṣẹ́jú ilé ìmọ́lẹ̀ ò yí padà níbì kankan.