Mò ń ṣe iṣẹ́ ọ̀gá, owó GL 12 ni wọ́n ń san fún mi: kí ló tọ́ sí mi?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. GL 12 (grade level, ìpele òṣìṣẹ́ ìjọba) ni mo wà ní ilé-iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ kan. Ọdún 2001 ni mo wọṣẹ́, ó sì ku ọdún méjì kí n fẹ̀yìntì. Nígbà tí ọ̀gá wa tó wà ní GL 13 fẹ̀yìntì, dírẹ́kítọ̀ kọ ọ́ sínú fáìlì pé kí n máa bójú tó ẹ̀ka wa. Ó ti pé oṣù 19 báyìí, owó mi kò yí padà. Ṣé mo lè gba ìyàtọ̀ owó náà? Ṣé GL 13 ni wọn yóò sì fi ṣírò owó ìfẹ̀yìntì mi?

Ìdáhùn: Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú ìbéèrè kejì kúrò nílẹ̀: rárá, wọn kò ní fi GL 13 ṣe é. Adelé (acting), ìyẹn ẹni tó ń di ipò mú fún ìgbà díẹ̀, kì í ṣe ìgbéga. Bí lẹ́tà ìgbéga kò bá tíì dé, ẹni GL 12 ni yín, kódà kí ẹ ti jókòó sórí àga náà fún ọdún márùn-ún.

Ti ìyàtọ̀ owó ló gba àlàyé. Ohun tí dírẹ́kítọ̀ kọ sínú fáìlì fún yín ní iṣẹ́, kò fún yín ní ipò. Lábẹ́ òfin orílẹ̀-èdè ti ọdún 1999, ọwọ́ àjọ FCSC (Federal Civil Service Commission, àjọ òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀) ni agbára láti yan ènìyàn sípò wà, tàbí ọwọ́ ẹni tí àjọ náà bá fi agbára ọ̀hún lé lọ́wọ́. Ìdí nìyẹn tí àwọn ará ẹ̀ka ìṣirò owó fi máa ń dá irú ẹ̀bẹ̀ yìí padà: lẹ́tà tó sọ yín di adelé ni wọ́n ń wá, wọn kò rí i. Wọn kò sì ṣìkà.

Ẹ kọ̀wé sí akọ̀wé àgbà (permanent secretary) pé kí wọ́n fún yín ní lẹ́tà adelé, kí ìwé náà gba ọwọ́ dírẹ́kítọ̀ yín kọjá. Ìwé tó bá fo ọ̀gá kọjá máa ń padà wá sọ́dọ̀ ẹni tó kọ ọ́. Ẹ fi ẹ̀dà ojú ewé tí dírẹ́kítọ̀ kọ sí mọ́ ọn, pẹ̀lú ẹ̀rí pé àyè náà ṣófo, ìwé tí ọ̀gá yín fi gbé iṣẹ́ lé yín lọ́wọ́ (ọjọ́ tó wà lórí rẹ̀ ṣe pàtàkì gan-an), àti díẹ̀ nínú àwọn ìwé tí ẹ ti fọwọ́ sí gẹ́gẹ́ bí olórí ẹ̀ka. Ẹ̀dà ni kí ẹ fi sílẹ̀, ẹ má fi ojúlówó sílẹ̀. Kí wọ́n sì lu òǹtẹ̀ gbígbà sórí èyí tó kù lọ́wọ́ yín.

Nígbà tí lẹ́tà bá dé, ẹ wo ọjọ́ tó ní kí ipò adelé bẹ̀rẹ̀ kí ẹ tó fèsì. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti ń pàdánù. Bí ọjọ́ tí wọ́n kọ lẹ́tà ni wọ́n fi sí i, oṣù 19 yẹn ti bọ́ nìyẹn, àfi bí ẹ bá tún kọ ẹ̀hónú. Ọjọ́ tí ẹ gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ọ̀gá yín ni kí ẹ bèèrè fún. Bí ẹ bá sì ti gun ìgbésẹ̀ (step) púpọ̀ lórí GL 12, ẹ má retí owó ńlá. Ìyàtọ̀ sí ìbẹ̀rẹ̀ GL 13 lè kéré.

Ká wá ní ₦30,000 ni ìyàtọ̀ náà lóṣù. Oṣù 19 jẹ́ ₦570,000. Òfin ìfẹ̀yìntì ti ọdún 2014 ní kí òṣìṣẹ́ dá ìdá 8 nínú ọgọ́rùn-ún, kí ìjọba dá 10, ó kéré tán. Ìyẹn ₦2,400 àti ₦3,000 lóṣù, àpapọ̀ ₦102,600 fún oṣù 19, tó yẹ kó wọ àpò yín lọ́dọ̀ PFA (ilé-iṣẹ́ tó ń tọ́jú owó ìfẹ̀yìntì yín). Ṣùgbọ́n owó oṣù gidi (basic), owó ilé àti owó ọkọ̀ ni òfin náà fi ṣe òdiwọ̀n tó kéré jù. Bí wọ́n bá san owó adelé lọ́tọ̀ gẹ́gẹ́ bí àjẹmọ́nú, wọ́n lè má yọ kọ́bọ̀ nínú rẹ̀ fún ìfẹ̀yìntì. Ẹ wo payslip yín, kí ẹ sì fi í wé àkọsílẹ̀ PFA. Bí kò bá sí níbẹ̀, òfin gbà yín láyè láti fínnúfíndọ̀ dá owó kún un. Ẹ kọ̀wé kí wọ́n máa yọ ọ́ nínú owó oṣù yín. Ti ìjọba ni ẹ kò lè fi ìyẹn rọ́pò.

Níwọ̀n bí ẹ ti wọṣẹ́ ṣáájú June 2004, owó ìfẹ̀yìntì fún iṣẹ́ tí ẹ ṣe kí ètò tuntun yìí, tí òṣìṣẹ́ àti ìjọba jọ ń dá owó sí, tó bẹ̀rẹ̀ wà lọ́tọ̀. Ipò tí ẹ wà nígbà náà ni wọ́n fi ń ṣírò rẹ̀, adelé òní kò kàn án. Nígbà tí PenCom (àjọ ìjọba tó ń ṣàkóso ètò ìfẹ̀yìntì) bá pè yín fún ìforúkọsílẹ̀ àwọn tó fẹ́ fẹ̀yìntì, GL 12 ni kí ẹ kọ. Ẹni tó bá kọ ipò adelé, ohun tó kọ kò ní bá lẹ́tà ìgbéga rẹ̀ mu, fáìlì rẹ̀ yóò sì dúró.

Ohun tí mo máa lépa jù bí mo bá wà ní ipò yín ni ìgbéga fúnra rẹ̀. Ọdún mẹ́ta ni òṣìṣẹ́ GL 07 sí 14 gbọ́dọ̀ lò lórí ipò kan, ó kéré tán. Bí ẹ bá ti lò ó, ẹ bèèrè ní ẹ̀ka ìṣàkóso lọ́sẹ̀ yìí bóyá orúkọ yín wà lára àwọn tó ń bọ̀ wá ṣe ìdánwò.