Èsì: Níbo ni wọ́n ti rí yìnyín kọ́ṣẹ́?

Ẹ̀gbọ́n, ẹ ní níbo ni àwọn obìnrin Nàìjíríà tó lọ sí Òlíńpíìkì ìgbà òtútù ní Pyeongchang, Gúúsù Kòríà, lọ́dún 2018 ti rí yìnyín kọ́ṣẹ́, nígbà tó jẹ́ pé ti inú fíríìjì la mọ̀. Ilẹ̀ gbígbẹ ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀! Seun Adigun, tó ti sáré fún Nàìjíríà ní London lọ́dún 2012, ló fi pákó kan ọkọ̀ ìdánrawò fún bobsled, ìyẹn eré tí wọ́n ń jókòó sínú ọkọ̀ tó ń yọ̀ sísàlẹ̀ lórí yìnyín, ní Houston, Amẹ́ríkà, ó sọ ọ́ ní Maeflower. Òun, Ngozi Onwumere àti Akuoma Omeoga sì ń tì í kiri. Kì í ṣe àwàdà o. Nínú bobsled, ẹ ó kọ́kọ́ ti ọkọ̀ náà sáré kíkankíkan kí ẹ tó bẹ́ sínú rẹ̀. Bí ẹ bá lọ́ra níbẹ̀, ó ṣòro láti rí àkókò tó sọnù gbà padà. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń wá asáré. Ìdarí nìkan ni ọkọ̀ pákó ò lè kọ́ni, àfi ojú ọ̀nà oníyìnyín gan-an.

Simidele Adeagbo, tó ṣe skeleton, ìyẹn eré tí èèyàn ń dá àyà délẹ̀ lórí ọkọ̀ pẹlẹbẹ, tó ń fi orí ṣáájú yọ̀ lórí yìnyín, eléré ìfò ni tẹ́lẹ̀. Ẹ̀yìn pátápátá ni wọ́n ṣe, mi ò ní parọ́, ṣùgbọ́n kò sí ẹgbẹ́ bobsled Áfíríkà kankan tó dé Òlíńpíìkì ṣáájú wọn.