Ṣé kí ọmọ mi dárúkọ Yorùbá nínú fọ́ọ̀mù ilé-ẹ̀kọ́ ìṣègùn?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, Lọ́yà. Houston, ní ìpínlẹ̀ Texas, la wà. Táyé ọmọ mi fẹ́ gba fọ́ọ̀mù ilé-ẹ̀kọ́ ìṣègùn lọ́dún yìí. Látìgbà tá a ti dé Amẹ́ríkà la ti ń gbọ́ pé wọ́n máa ń ya ààyè sọ́tọ̀ fún àwa aláwọ̀ dúdú níbẹ̀. Bùrọ̀dá kan ní ṣọ́ọ̀ṣì wa wá ní ilé ẹjọ́ ti fòfin dè é, pé kí Táyé má tilẹ̀ kọ ọ́ síbì kankan pé Yorùbá lòun, kí wọ́n má baà da fọ́ọ̀mù rẹ̀ nù. Ṣé bó ṣe rí nìyẹn? Ìyá Ìbejì.

ÌDÁHÙN: Ẹ kú ọmọ títọ́ o, Ìyá Ìbejì. Ìdajì ọ̀rọ̀ ni bùrọ̀dá yín gbọ́. Kí Táyé kọ ọ́. Bó ṣe máa kọ ọ́ ni iṣẹ́ wà.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú ti ààyè tí wọ́n ń yà sọ́tọ̀ yẹn kúrò lọ́nà, torí ó ti pẹ́ tí ìyẹn ti kú. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, University of California tó wà ní Davis máa ń gba ọmọ 100 sí ilé-ẹ̀kọ́ ìṣègùn wọn lọ́dún. Wọ́n yọ ààyè 16 sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan nínú ẹ̀ fún àwọn ẹ̀yà tí wọ́n ti ń fi ẹ̀tọ́ dù látẹ̀yìnwá, ìgbìmọ̀ ọ̀tọ̀ ló sì ń yẹ fọ́ọ̀mù tiwọn wò. Ẹnjiníà kan, òyìnbó, Allan Bakke, gba fọ́ọ̀mù ní 1973, ó tún gbà á ní 1974. Wọn ò mú un lẹ́ẹ̀mejèèjì, bẹ́ẹ̀ máàkì rẹ̀ ju ti àwọn kan nínú àwọn tó wọlé sí ààyè 16 yẹn lọ. Ó bá gba ilé ẹjọ́ lọ. Nígbà tó dé Supreme Court, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà, àwọn adájọ́ pín: mẹ́rin síhìn-ín, mẹ́rin sọ́hùn-ún. Lewis Powell ló dúró sáàárín. Ní oṣù kẹfà ọdún 1978, ó ní yíya iye ààyè kan sọ́tọ̀ fún ẹ̀yà kan kò bófin mu, kí wọ́n gba Bakke wọlé. Àmọ́ ilé-ẹ̀kọ́ lè ka àwọ̀ ọmọ mọ́ ọ̀pọ̀ nǹkan mìíràn tí wọ́n ń wò lára rẹ̀. Bakke jáde ní 1982, ó di dókítà tó ń fún aláìsàn lóògùn oorun kí wọ́n tó ṣiṣẹ́ abẹ.

Ẹ wò ó bí èènì lọ́jà. Ọmọ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ ra gààrí, ìyẹn máàkì rẹ̀, kí wọ́n tó bu díẹ̀ lé e. Èènì yìí lẹ ń gbọ́ ìròyìn rẹ̀ látọjọ́ yìí tẹ́ ẹ rò pé ààyè ni.

Èènì náà ni Supreme Court gbà padà ní ọjọ́ 29 oṣù kẹfà ọdún 2023, nínú ẹjọ́ tí Students for Fair Admissions, àjọ kan tó ń tako fífi àwọ̀ mú ọmọ, pe Harvard àti University of North Carolina. Pé ọmọ fi àmì sí ibi tí wọ́n ti béèrè àwọ̀ kò lè bu nǹkan kan lé e mọ́. Ṣùgbọ́n nínú ìdájọ́ kan náà, John Roberts, adájọ́ àgbà, kọ ọ́ pé kò sóhun tó ní kí ilé-ẹ̀kọ́ má ka ohun tí ọmọ bá fẹnu ara rẹ̀ sọ nípa bí àwọ̀ rẹ̀ ṣe kan ìgbésí ayé rẹ̀, bó bá ti so mọ́ ìwà tàbí ẹ̀bùn kan tí òun fúnra rẹ̀ ní. Ó tún kìlọ̀ pé kí wọ́n má gba ẹ̀yìnkùlé mú ohun tí wọ́n lé jáde wọlé.

Nítorí náà, "Yorùbá ni mí, àwa aláwọ̀ dúdú ò pọ̀ nínú dókítà" kò ní ṣe Táyé láǹfààní kankan. Ọmọ kan wà tí mo bá wo àròkọ rẹ̀. Ìyá ìyá rẹ̀ dé ọsibítù, ó ní orí òun ń gbóná, nǹkan sì ń rìn lóun lára. Nọ́ọ̀sì fi tẹmómítà wò ó, kò gbóná. Wọ́n ti ń múra àtigbé màmá lọ sọ́dọ̀ dókítà ọpọlọ kí ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún yìí tó là á yé wọn pé bí àwọn àgbà wa ṣe ń sọ̀rọ̀ àìsùn àti ìrònú nìyẹn. Yorùbá kún inú àròkọ yẹn bámú, kò sì sí lọ́yà tó lè bá a wí. Fọ́ọ̀mù AMCAS, tí ọ̀pọ̀ ilé-ẹ̀kọ́ ìṣègùn ní Amẹ́ríkà ń lò, ní ibi tí wọ́n ń pè ní Other Impactful Experiences, níbi tí ọmọ ti lè sọ ohun tó ti là kọjá. Irú ìtàn bẹ́ẹ̀ bá a mu.

Ẹ má retí pé àwọn ilé-ẹ̀kọ́ á túra ká o. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2025, àjọ Do No Harm àti Students for Fair Admissions gbé ilé-ẹ̀kọ́ ìṣègùn UCLA lọ sílé ẹjọ́, wọ́n ní wọ́n ṣì ń fi àwọ̀ mú ọmọ lábẹ́lẹ̀. Ẹ̀sùn ni o, ṣùgbọ́n ara ti ń fu gbogbo wọn.

Ohun tí ẹnikẹ́ni kò bá yín sọ ni pé ààyè ìyàsọ́tọ̀ gidi wà nítòsí yín. Àwọn ilé-ẹ̀kọ́ ìṣègùn ìjọba ní Texas kì í gba ará ìta ju 10 lọ nínú ọgọ́rùn-ún. Àwọn tó ń gbé Texas ló ni 90 tó kù. Ibùgbé ni, kì í ṣe àwọ̀, ìdájọ́ 2023 kò sì kàn án. TMDSAS ni fọ́ọ̀mù wọn, wọ́n á sì béèrè ẹ̀rí pé ẹ ti gbé Texas fún ọdún kan gbáko. Ẹ yáa wá ìwé owó-orí àti ìwé ilé yín jáde báyìí, kí Táyé tó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ àròkọ.