Èsì: Fọ́ iná kí o tó kọjá

Òkun o, àbúrò. O ní àwọn ẹ̀ṣọ́ méjì kan ń pa ọ́ ṣáá nínú Mark of the Ninja, géèmù kọ̀ǹpútà tí ninja ti ń yọ́ kọjá lára ẹ̀ṣọ́. Eré sísá ló ń pa ọ́ lọ́dọ̀ wọn, kì í ṣe pé ọwọ́ rẹ kò yá. Yọ́ kẹ́lẹ́. Wo ẹsẹ̀ ninja rẹ dáadáa: bí o bá ti sáré, òrùka kan tó ń fi ariwo hàn á fẹ̀ jáde níbẹ̀. Ẹ̀ṣọ́ tí òrùka yẹn bá kàn ti gbọ́ ọ nìyẹn.

1. Dúró sínú òkùnkùn títí wọn yóò fi kẹ̀yìn sí ọ.
2. Ju ọfà kékeré lu gílóòbù òkè.
3. Kúrò níbẹ̀ kíá, torí ariwo rẹ̀ á pè wọ́n wá.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí o ń gbá a nìyí o. Tó bá di New Game Plus, ìyẹn àtúngbá tó le jù lẹ́yìn tí o bá ti parí géèmù náà, òrùka kò ní hàn mọ́.

Ohun tó máa ń bí mi nínú ni bí ninja náà ṣe ń lẹ̀ mọ́ ògiri tí n kò fẹ́, nígbà tí ẹ̀ṣọ́ ti ń bọ̀. Síbẹ̀, látọdún 2012 tí Klei, ilé iṣẹ́ tó ṣe géèmù náà, ti gbé e jáde, n kò tíì gbá géèmù mìíràn tó jẹ́ kí n fi ojú rí ariwo báyìí. Mo fẹ́ràn rẹ̀ gan-an.

Má sì gbá a ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ lọ́sàn-án. Oòrùn Kàbbà kì í jẹ́ kí n mọ òjìji yàtọ̀ sí ìmọ́lẹ̀ lójú kọ̀ǹpútà. Alẹ́ ni kí o gbá a, nínú yàrá.