Èsì: Àwọn Catawba ṣì wà, ìkòkò wọn náà kò parun

Ẹ ṣeun tí ẹ béèrè bóyá àwọn Catawba, ọ̀kan lára àwọn ẹ̀yà tí ó ti wà ní Amẹ́ríkà kí òyìnbó tó dé, ti parun, àti ìdí tí a fi ń dárúkọ ìkòkò wọn lemọ́lemọ́. Wọn kò parun rárá. Ìtòsí ìlú Rock Hill, ní ìpínlẹ̀ South Carolina ní Amẹ́ríkà, ni wọ́n wà títí di òní, lẹ́bàá odò tí ó ń jẹ́ orúkọ wọn.

Ojú wọn rí màbo. Ṣọ̀pọ̀nná tí ó jà lọ́dún 1759 gbẹ̀mí ọ̀pọ̀ nínú wọn. Àdéhùn Augusta tí wọ́n bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣe ní 1763 fi ilẹ̀ tí ó jẹ́ máìlì 15 ní ìbú àti òòró sílẹ̀ fún wọn, ṣùgbọ́n ní 1840, South Carolina gba ilẹ̀ náà pẹ̀lú ìlérí tí kò mú ṣẹ bó ti yẹ. Ìrẹ́jẹ gbangba ni mo ka èyí sí. Ọdún 1993 ni wọ́n tó parí ẹjọ́ ilẹ̀ náà, tí wọ́n gba 50 mílíọ̀nù dọ́là.

Ní ti ìkòkò, àwọn obìnrin ló pọ̀ jù nídìí rẹ̀. Wọ́n á wa amọ̀ létí odò, wọ́n á pò ó, wọ́n á yí i bí okùn, wọ́n á sì máa ká a léra títí yóò fi di ìkòkò. Bí ó bá ti gbẹ, wọ́n á fi òkúta odò tí ó jọ̀lọ̀ pa á lára títí yóò fi máa dán. Ọ̀pọ̀ wọn ló jogún òkúta yẹn lọ́wọ́ ìyá tàbí ìyá àgbà. Wọn kì í kùn ún lọ́dà. Iná igi tí wọ́n fi ń sun ún ló ń fún un ní àwọ̀ dúdú àti pupa rúsúrúsú tí ó wọnú ara wọn. Ní àkókò tí nǹkan le, títà ìkòkò yìí ló gbọ́ bùkátà ọ̀pọ̀ ilé.